Bí Ìyábọ̀dé Ṣe Di Ẹni Karùn-ún

Ọmọ kan ṣoṣo ni Ìyábọ̀dé bí, ọmọ náà sì ti kó lọ sí Abẹ́òkúta. Ayọ̀ọlá ni orúkọ rẹ̀. Kì í ṣe ọmọ burúkú o. Ó ń ṣiṣẹ́ rẹ̀ ní ṣọ́ọ̀bù tí wọ́n ti ń ta fóònù, ó sì ń pe ìyá rẹ̀ déédéé. Ṣùgbọ́n ìpè ọ̀hún kì í pẹ́. "Ẹ kú ìrọ̀lẹ́, Màmá. Ṣé àlàáfíà ni? Ara yín ńkọ́? Ó dàárọ̀ o." Ó parí. Láti ìgbà tí bàbá Ayọ̀ọlá ti kú, nínú ilé tí wọ́n jọ kọ́ sí Ilare ní Ifẹ̀ yẹn, ohùn rédíò ni Ìyábọ̀dé ń gbọ́ ju ohùn èèyàn lọ.

Nígbà tí Ayọ̀ọlá wá ṣe Kérésì nílé ni ìyá rẹ̀ ṣàkíyèsí nǹkan kan. Ọmọ tí kì í ní ọ̀rọ̀ lẹ́nu yìí, bó bá ti ki íápíìsì bọ etí, tó gbé fóònù lọ́wọ́, ẹnu rẹ̀ kì í dákẹ́ mọ́. A rẹ́rìn-ín, a pariwo, a máa bá àwọn ẹni tí kò fojú rí rí sọ̀rọ̀ bí ẹni pé wọ́n jọ mu ọmú kan náà dàgbà. Géèmù ni wọ́n ń gbá, Odi lorúkọ rẹ̀. Ìyá rẹ̀ rò ó síwá, ó rò ó sẹ́yìn, ó ní bí ọmọ ò bá ráyè wá síbi tí ìyá wà, ìyá ni yóò lọ síbi tí ọmọ wà.

"Bá mi fi Odi yẹn sórí fóònù tèmi," ló wí.

Ayọ̀ọlá rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú rẹ̀, ṣùgbọ́n ó fi í sí i.

Géèmù náà kò ṣòroó lóye. Ẹni márùn-ún ń kojú ẹni márùn-ún, ìhà kọ̀ọ̀kan ní odi tirẹ̀, ìhà tó bá kọ́kọ́ wó odi ìhà kejì ló borí. Àwọn kan a máa jà, àwọn kan a máa ṣọ́ odi, ẹnì kan a sì máa tọ́jú àwọn tó fara gbọgbẹ́. Olùtọ́jú yìí ni Ìyábọ̀dé yàn. Ó ní òun ò lè máa gún ọmọ ọlọ́mọ lọ́bẹ, ì báà jẹ́ orí fóònù. Bẹ́ẹ̀ ló ṣe di pé obìnrin tó ń ṣiṣẹ́ akọ̀wé ní yunifásítì, tó tún ń kọrin ní ṣọ́ọ̀ṣì, bó bá ti dé láti ibi iṣẹ́, tó jẹun tán, a wọ awò ojú rẹ̀, a jókòó ti fèrèsé, a bẹ̀rẹ̀ sí tọ́jú àwọn jagunjagun.

Inú rẹ̀ dùn ní gbogbo àsìkò yẹn. Létí rẹ̀ báyìí ni Ayọ̀ọlá ti ń pariwo: "Màmá, ẹ sá sẹ́yìn! Màmá, èmi ni kẹ́ ẹ wò sàn, ẹ fi ìyẹn sílẹ̀!" Bí wọ́n bá ń dúró de eré tó kàn, yóò sọ ohun tí ọ̀gá rẹ̀ ṣe, yóò sọ ẹni tí wọ́n jọ jà nínú ọkọ̀, yóò sọ pé àyà òun ń já nítorí ọjọ́ iwájú. Ohun tí kò ní sọ láéláé nínú ìpè ìrọ̀lẹ́ rẹ̀ ni.

Ìpò ló wá dà á rú.

Nínú Odi, bí èèyàn bá borí, wọ́n á fún un ní ìràwọ̀ kan. Bó bá pàdánù, wọ́n á gba ọ̀kan lọ́wọ́ rẹ̀. Ìràwọ̀ wọ̀nyí ló ń gbéni láti Idẹ bọ́ sí Fàdákà, láti Fàdákà bọ́ sí Wúrà, títí dé Dáyámọ́ńdì. Ti Ìyábọ̀dé kò dùn ún. Idẹ ló wà, Idẹ sì tẹ́ ẹ lọ́rùn. Ṣùgbọ́n gbogbo ìgbà tó bá bá Ayọ̀ọlá gbá a, ìsàlẹ̀ ni ọmọ náà ń lọ. Ayọ̀ọlá sì fẹ́ dókè. Ẹgbẹ́ kan wà l'Ékòó tí ń kó àwọn ọ̀jáfáfá agbágéèmù jọ, wọn kì í sì í dá ẹni tí kò bá sí ní Dáyámọ́ńdì ní òpin sáà lóhùn.

Lọ́jọ́ kan, ọmọ náà rọra gbé e kalẹ̀. "Màmá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má bínú. Ẹ jẹ́ kí n máa gbá tèmi lọ́tọ̀ fúngbà díẹ̀ ná. Ìràwọ̀ mi ń tán."

"Kò burú," ni Ìyábọ̀dé dáhùn. "Ohun tó bá máa gbé ọ ga lèmi náà ń fẹ́."

Ẹnu ló fi sọ bẹ́ẹ̀. Nígbà tí yóò fi tó oṣù mélòó kan, Ayọ̀ọlá ti dé Dáyámọ́ńdì, ìpò òun àti ìyá rẹ̀ sì ti jìnnà síra débi pé géèmù fúnra rẹ̀ kò gbà kí wọ́n jọ wọlé mọ́. Ìpè ráńpẹ́ tún padà dé: ṣé àlàáfíà ni, ó dàárọ̀ o.

Ọ̀sán Sátidé kan ni Ìyábọ̀dé ń ká aṣọ kúrò lórí okùn nígbà tí fóònù dún. Ayọ̀ọlá ni.

"Màmá, ṣé ẹ ṣì ní Odi lórí fóònù yín?"

"Ó wà níbẹ̀. Kí ló dé?"

Ayọ̀ọlá ṣàlàyé. Òun àti ikọ̀ òun ti forúkọ sílẹ̀ fún ìdíje. Ìdíje kò rí bí eré ojoojúmọ́. Ikọ̀ tó bá pàdánù ti di èrò ilé nìyẹn, èyí tó bá borí ni yóò máa tẹ̀ síwájú. Ṣùgbọ́n ẹni karùn-ún wọn, tó wà ní Ìlọrin, kò sí iná ládùúgbò rẹ̀, fóònù rẹ̀ sì ti kú. Bí ikọ̀ bá forúkọ sílẹ̀ tí wọn ò sì pé márùn-ún nígbà tí eré bá máa bẹ̀rẹ̀, ìràwọ̀ rẹpẹtẹ ni wọ́n máa gbà lọ́wọ́ olúkúlùkù wọn. Ayọ̀ọlá á já kúrò ní Dáyámọ́ńdì, sáà sì ti fẹ́ parí.

"Ṣé wọ́n á wá gba oní-Idẹ bíi tèmi?"

"Nínú ìdíje, kò sí ìpò tí wọn kì í gbà. Àmọ́, Màmá, ìpò ẹni tó ga jù nínú wa ni wọ́n fi ń wá alátakò fún wa. Àwọn tó le gan-an la máa bá pàdé."

"Bí wọ́n bá wá nà wá ńkọ́? Ṣé wọ́n á yọ ìràwọ̀ rẹ?"

Ọmọ náà mí kanlẹ̀. "N ò mọ̀. Ní sáà yìí ni wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ yí òfin ìdíje padà. Àwọn kan ní wọ́n á yọ ọ́, àwọn kan ní wọn ò ní yọ ọ́. Ṣùgbọ́n bí a ò bá yọjú, ìyẹn ò ní àríyànjiyàn nínú."

Ìyábọ̀dé da aṣọ sórí àga, ó wá awò ojú rẹ̀ rí, ó wọlé sínú Odi.

"Ẹ káàsán mà," ni ohùn ọmọbìnrin kan kí i. Dámilọ́lá ni, olórí ikọ̀. "Màmá, ẹ̀yìn mi ni kẹ́ ẹ máa wà. Bí mo bá sá, ẹ bá mi sá. Bí mo bá dúró, ẹ dúró."

"Mo gbọ́, ọmọ mi."

Ọ̀kan nínú àwọn ọmọkùnrin tó kù rò pé òun ń dá sọ̀rọ̀ ni. "Idẹ kẹ̀? A ti kú." Ìyábọ̀dé gbọ́ ọ kedere.

Eré àkọ́kọ́ le. Àwọn alátakò wọn ń jà bí oyin. Ṣùgbọ́n wọ́n rí àmì Idẹ lára Ìyábọ̀dé, wọ́n fojú pa á rẹ́, wọ́n ní àwọn tó lágbára làwọn máa kọ́kọ́ pa. Ibi tí wọ́n ti ṣìnà nìyẹn. Ìyábọ̀dé lẹ̀ mọ́ ẹ̀yìn Dámilọ́lá bí ọmọ tí wọ́n pọ̀n, ó ń wò wọ́n sàn bí wọ́n ti ń fara gbọgbẹ́. Nígbà tó kù díẹ̀ kí wọ́n pa Ayọ̀ọlá lẹ́nu odi, ìyá rẹ̀ wò ó sàn, ọmọ náà fò dìde, ó sì wó odi àwọn alátakò. Gbogbo wọn pariwo "Màmá! Màmá!" tó fi fẹ́ẹ̀ di í létí. Ẹni tó ní "a ti kú" ló pariwo jù.

Eré kejì lọ̀ràn wà.

Ilẹ̀kùn ilé ṣí sílẹ̀. Màmá Fúnlọ́lá, àgbà obìnrin kan nínú ṣọ́ọ̀ṣì wọn, ní kí òun yà wá rán Ìyábọ̀dé létí ìdánrawò orin ọ̀la. Ohun tó bá pàdé lẹ́nu ọ̀nà ni ohùn Ìyábọ̀dé tó ń ké: "Ayọ̀ọlá ń kú lọ o! Ẹ gbà mí! Mo ń bọ̀, ọmọ mi, má kú, mo ń bọ̀!"

Màmá Fúnlọ́lá rọ́ wọlé. Ó rí ìyá ọlọ́mọ kan tí òógùn bò, tó tẹjú mọ́ fóònù. Báàgì bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀.

"Yéè! Ìyá Ayọ̀ọlá, kí ló ṣe ọmọ náà?"

"Wọ́n ti ká a mọ́, Màmá! Àwọn márùn-ún ló yí i po!"

"Ajínigbé!" Màmá Fúnlọ́lá kò dúró gbọ́ ìyókù. Ó já fóònù gbà, ó gbé e sẹ́nu. "Ẹ̀yin èèyàn wọ̀nyí, ẹ bẹ̀rù Ọlọ́run! Opó ni ìyá rẹ̀! Ẹ má fọwọ́ kàn án! Ẹ̀jẹ̀ Jésù lòdì sí yín!"

"Màmá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ fún mi, géèmù ni! Géèmù ni, Màmá!"

Nígbà tí ọ̀rọ̀ yẹn yóò fi wọ àgbàlagbà náà létí, ikọ̀ ti wà láìní olùtọ́jú. Bí Ìyábọ̀dé ti gba fóònù padà, odi wọn ló ń wó lójú rẹ̀. Wọ́n ti pàdánù. Ó pe orúkọ ọmọ rẹ̀, kò gbọ́ ìdáhùn, nẹ́tíwọ̀kì lọ.

Màmá Fúnlọ́lá jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀ gbalaja. "Ṣé ọmọ náà wà láàyè?"

"Ó wà láàyè, mà. Abẹ́òkúta ló wà, lórí àga rẹ̀."

"Olúwa, a dúpẹ́." Ó fi ọwọ́ lé àyà. Ó kọ́kọ́ bínú, lẹ́yìn náà ẹ̀rín mú un, ó rín in títí gèlè rẹ̀ fi yẹ̀. Ṣùgbọ́n Ìyábọ̀dé kò lè bá a rẹ́rìn-ín. Ó ń pe nọ́ńbà náà léraléra, kò lọ. Ó sọ gbogbo ọ̀rọ̀ ìràwọ̀ àti Dáyámọ́ńdì fún un.

"Ṣé èmi ni mo bà á jẹ́ nìyẹn?" ni àgbàlagbà náà bi í.

"Kì í ṣe ẹ̀yin, mà. Èmi ni. Ó ní kí n jẹ́ kí òun máa gbá tòun lọ́tọ̀."

"Dìde. Nẹ́tíwọ̀kì kì í dà wá láàmú bẹ́ẹ̀ ní Òkèrèwè. Jẹ́ ká lọ sílé mi, kó o pè é."

Wọ́n wọ kẹ̀kẹ́. Ní gbogbo ọ̀nà, Ìyábọ̀dé ń rò ó pé nítorí ìdánìkanwà òun lòun ṣe ki ọwọ́ bọ ohun ọmọdé, òun sì ti fi ọwọ́ ara òun fa ọmọ òun sẹ́yìn. Bí wọ́n ti sọ̀ kalẹ̀ ní Òkèrèwè, fóònù bẹ̀rẹ̀ sí í ké ṣáá. Ìpè tí kò rí gbà ló ń wọlé, gbogbo rẹ̀ láti ọ̀dọ̀ Ayọ̀ọlá. Kó tó tẹ̀ ẹ́ padà, òmíràn wọlé.

"Màmá! Ṣé kò ṣe yín ní nǹkan kan? Ta ló ń pariwo nílé?"

"Màmá Fúnlọ́lá ni. Ayọ̀ọlá, dákun, mo ti..."

"Wọn ò jà yín lólè?"

"Olè kẹ̀?"

Ayọ̀ọlá mí jáde, ìyá rẹ̀ gbọ́ ọ bí ẹni tó gbé ẹrù kalẹ̀. "Mo gbọ́ 'ẹ má fọwọ́ kàn án', mo gbọ́ 'opó ni', ẹ wá dákẹ́. Mo rò pé adigunjalè ti wọlé bá yín. Inú gáráàjì ni mo wà yìí, inú ọkọ̀ Ifẹ̀."

Ìyábọ̀dé di ògiri mú. Ìrònú ìràwọ̀ ni òun ń rò láti ọ̀sán. Ìrònú òun ni ọmọ òun ń rò.

"Ìràwọ̀ rẹ ńkọ́?" ló wá bi í.

"Ìràwọ̀? N ò tí ì wò ó. Ẹ dúró ná."

Màmá Fúnlọ́lá ti kó ọwọ́ pọ̀, ó ń gbàdúrà lábẹ́lẹ̀.

"Màmá."

"Hẹ̀n."

"Wọn ò yọ nǹkan kan. Wọ́n tiẹ̀ fi ọ̀kan kún un, nítorí eré tí a borí. Ìborí nìkan ni wọ́n ń kà nínú ìdíje báyìí, wọn ò ka ìpàdánù. Ẹni tí kò bá yọjú nìkan ni wọ́n ń fìyà jẹ. Ká ní ẹ ò wọlé ni, ǹ bá ti já kúrò ní Dáyámọ́ńdì." Ó rẹ́rìn-ín. "Ẹ tún ti kúrò ní Idẹ, ẹ ò mọ̀? Fàdákà lẹ wà."

Ìyábọ̀dé jókòó sórí àtẹ̀gùn ilé onílé. Ó bú sí ẹ̀rín, Màmá Fúnlọ́lá náà bú sí i, àwọn tó ń kọjá lọ yíjú wò wọ́n.

"Dámilọ́lá ní kí n bi yín bóyá ẹ máa ráyè fún ìdíje mìíràn ní Sátidé tó ń bọ̀," ni Ayọ̀ọlá wí. "Mo ti ń rò ó, Màmá. Ìdíje ò lè fà mí sẹ́yìn, ìpò wa ò sì dí wa lọ́wọ́ níbẹ̀. Ó yẹ kí n ti ronú kan ibẹ̀ láti ọjọ́ yìí wá."

"N ó ráyè," ni Ìyábọ̀dé wí. "Sọ̀ kalẹ̀ nínú ọkọ̀, kó o máa lọ sílé rẹ. Kò sí nǹkan kan mọ́."

"Ọkọ̀ ti kún, a ti fẹ́ gbéra. N ó kúkú máa bọ̀."

Ìyábọ̀dé dágbére fún Màmá Fúnlọ́lá, ó wọ kẹ̀kẹ́ mìíràn lọ sí ọjà Sábó, nítorí kò sí ẹran nílé, kò sì sí àlùbọ́sà. Ẹlẹ́ran oníbàárà rẹ̀ pe iye kan, ó dúró kó na ọjà bó ti máa ń ṣe, ṣùgbọ́n Ìyábọ̀dé kàn ń rẹ́rìn-ín sí i.

"Hajiya, inú yín dùn lónìí," ni ọkùnrin náà wí.

"Ọmọ mi ń bọ̀ wálé," ló dáhùn. "Gé e kó tóbi dáadáa."