Ìbò tí Fàtímọ̀ Dì ní Banigbé

Ìbò mẹ́rin ni àwọn ará Banigbé, nítòsí ẹnubodè Nàìjíríà, ti dì kí àwọn ológun tó gba ìjọba, kò sì sí ọ̀kan nínú wọn tí kò pín ìlú sí méjì. Ẹgbẹ́ òṣèlú Fìtílà ló kọ́kọ́ wọlé, Ẹgbẹ́ Àgbàdo ní èrú ni. Nígbà tó kan Àgbàdo láti wọlé, àwọn Fìtílà náà ní èrú ni. Ẹni tó bá wọlé á lé àwọn ọmọ ẹgbẹ́ kejì kúrò lẹ́nu iṣẹ́ ìjọba. Ọmọ ìyá kì í kí ọmọ ìyá mọ́. Wọ́n pín kànga, wọ́n pín ọjà, ó ku díẹ̀ kí wọ́n pín òjò. Ẹ má rẹ́rìn-ín o, torí ẹ̀jẹ̀ ni wọ́n fi parí ìbò kẹrin.

Fàtímọ̀, ìyá Ṣàkírù, tó ń ṣe epo pupa tà ní Igolo, mọ èyí ju gbogbo wọn lọ. Ràsákì ọkọ rẹ̀ ni olórí àwọn ọ̀dọ́ Fìtílà. Láàárọ̀ ọjọ́ ìbò kẹrin yẹn, ó gun kẹ̀kẹ́, ó ní òun fẹ́ lọ wo bí nǹkan ṣe ń lọ ní Tchaada. Kò padà wálé. Wọ́n rí kẹ̀kẹ́ rẹ̀ lẹ́bàá ọ̀nà, wọn ò rí òun fúnra rẹ̀. Gbogbo ìlú mọ̀ nínú ikùn pé àwọn ọmọ Àgbàdo ló dá a lọ́nà, wọ́n sì mọ ọ̀gá wọn: Ògúnrìndé, bàbá Honoré. Àwọn zándáamù, ọlọ́pàá ìjọba, wá, wọ́n béèrè títí, gbogbo ẹnu ní àwọn ò mọ nǹkan kan. Ìlú tó máa ń sọ̀rọ̀ látàárọ̀ dalẹ́, ọjọ́ yẹn ni wọ́n ya odi!

Ẹ̀yin mùsùlùmí mọ ohun tí èyí túmọ̀ sí. Wọn ò wẹ Ràsákì, wọn ò kírun sí i lára. Kò pẹ́ tí àwọn kan fi bẹ̀rẹ̀ sí í sọ pé ó sá lọ sí Nàìjíríà ni, pé ó ti fẹ́ ìyàwó mìíràn lọ́hùn-ún. Nítorí náà Fàtímọ̀ ò lè ṣe opó. Nígbà tí Àmínù, àbúrò ọkọ rẹ̀, fẹ́ ṣú u lópó, ó ní, "Ta ló kú tí ẹ fẹ́ ṣú mi lópó?" Bí àwọn obìnrin bá ń sọ̀rọ̀ ọkọ wọn, Fàtímọ̀ á dìde kúrò láàárín wọn. Bí àwọn opó bá ń tọrọ àánú Ọlọ́run fún òkú wọn, á tún dìde. Kò sí ibi tó lè jókòó sí.

Àwọn ológun dé, wọ́n ní Révolution, ìyípadà tuntun, ti bẹ̀rẹ̀. Fìtílà ò sí mọ́, Àgbàdo ò sí mọ́, ẹgbẹ́ kan ṣoṣo ló wà, gbogbo èèyàn sì di kamaráàdì, ẹlẹgbẹ́ ara wọn. Ta lẹ rò pé ó kọ́kọ́ wọ ẹgbẹ́ tuntun náà ní Banigbé? Ògúnrìndé ni! Alágẹmọ gan-an á fọwọ́ bojú. Ó ra kakí, ó kọ́ bí wọ́n ṣe ń nàka sókè kígbe, ó di ẹni tí wọ́n ń pè sí ìpàdé ní buró ẹgbẹ́ náà ní Ifangni.

Nígbà tó di ọdún keje tí wọ́n ti ń ṣèjọba, wọ́n ní kí ìlú wá dìbò sí ilé aṣòfin. Ìwé orúkọ kan ṣoṣo ni, orúkọ Ògúnrìndé sì wà nínú rẹ̀. Bẹ́ẹ̀ ni tàbí bẹ́ẹ̀ kọ́ lèèyàn máa dì. Ìbò bẹ́ẹ̀ kọ́ kì í ṣe ohun tó ń ba àwọn ọ̀gá lẹ́rù. Ohun tó ń bà wọ́n lẹ́rù ni kí èèyàn jókòó sílé. Buró ti kìlọ̀ pé ìlú tí èèyàn ò bá jáde, àwọn á yọ orúkọ ọmọ ibẹ̀, àwọn á fi ẹlòmíràn sí i. Fàtímọ̀ sì ni olórí àwọn elépo. Ibi tó bá kọjú sí ni àwọn obìnrin Banigbé ń kọjú sí, ó sì ti sọ ọ́ lójú ọjà pé òun ò ní dìbò.

Ògúnrìndé wá bá a nídìí ẹkù, ibi tó ti ń fọ epo rẹ̀, lọ́sàn-án ọjọ́ kan.

"Ẹ kú iṣẹ́ o, Ìyá Ṣàkírù."

"Ẹ ṣeun, Bàbá Honoré." Kò kúnlẹ̀. Láti ọjọ́ tí ọkọ rẹ̀ ti sọnù ni kò ti kúnlẹ̀ kí i mọ́, ọkùnrin náà sì mọ̀.

"Bon. Mo gbọ́ pé ẹ ní ẹ ò ní jáde. Ẹ jẹ́ ká gbàgbé ọ̀rọ̀ àtijọ́. Révolution ti fọ gbogbo rẹ̀ nù. Kò sí Fìtílà mọ́, kò sí Àgbàdo."

"Ràsákì ńkọ́?"

Fàtímọ̀ ò dúró gba èsì.

"Ẹ̀yin ń wá ìbò mi," ni Fàtímọ̀ wí. "Èmi ń wá ọkọ mi. Ẹ sọ ibi tó wà, màá dìbò fún yín."

"Ìyá Ṣàkírù, èmi ò mọ..."

"Ẹ má parọ́ o! Ọlọ́run ń gbọ́ wa."

Ògúnrìndé yí ọ̀rọ̀ padà. Ó ní bí òun bá dé ilé aṣòfin, òun á bá wọn kọ́ ilé ìgbẹ̀bí, òun á bá Ṣàkírù wá iṣẹ́ sí ọ̀dọ̀ àwọn aṣọ́bodè ní Igolo.

"Kì í sì í ṣe etí mi nìkan lẹ máa sọ ọ́ sí," ni Fàtímọ̀ wí. "Ojú gbogbo ìlú ni wọ́n ti ní ó kọ̀ mí sílẹ̀ lọ. Ojú gbogbo ìlú náà ni kí wọ́n ti gbọ́ pé kò sá."

Nígbà tí ọkùnrin náà lọ tán, Fàtímọ̀ padà sídìí epo rẹ̀. Ẹ̀rù bà á, kí n má parọ́. Àmínù ti kìlọ̀ fún un pé wọ́n lè ní ó lòdì sí Révolution, wọ́n sì ti gbé àwọn tí ẹ̀ṣẹ̀ wọn ò tó ìyẹn lọ sí àtìmọ́lé. Ṣùgbọ́n ẹ̀rù mìíràn wà tó ju ìyẹn lọ. Ògúnrìndé ti ń dàgbà. Bó bá kú láìsọ̀rọ̀, ó parí nìyẹn, kò tún sí ẹni tí òun máa bi mọ́.

Lọ́jọ́ ìbò, àwọn ọkùnrin tò síwájú ilé ìwé. Fàtímọ̀ jókòó sábẹ́ igi máńgòrò tó wà níbẹ̀, gbogbo obìnrin ìlú sì jókòó tì í. Wọn ò pariwo, wọn ò bá ẹnikẹ́ni jà. Oòrùn ti gun àtàrí nígbà tí ọkọ̀ buró dé. Ọ̀dọ́kùnrin onígíláàsì ojú kan ló bọ́ sílẹ̀, ará òkè àríwá ni, kò gbọ́ èdè wa. Ó fi Faransé béèrè ìdí tí àwọn obìnrin ò fi dìbò. Gbogbo ojú yí sọ́dọ̀ Ògúnrìndé.

Gbólóhùn kan péré ló máa sọ. Bó bá ní obìnrin yìí ń ba ìbò jẹ́, wọ́n á gbé Fàtímọ̀ sínú ọkọ̀ náà. Fàtímọ̀ rí i tó lanu. Ṣùgbọ́n bí wọ́n bá gbé e, obìnrin wo ló máa dìbò ní Banigbé? Ògúnrìndé pa ẹnu dé, ó rìn lọ sábẹ́ máńgòrò. Bóyá Ọlọ́run ló fọwọ́ kàn án, bóyá àga tó fẹ́ jókòó lé ni. Èmi ò mọ̀, ẹ má bi mí.

"Ràsákì ò sá lọ síbì kankan," ló wí. Ohùn rẹ̀ ò ròkè, àmọ́ gbogbo èèyàn gbọ́. "Àwa la dá a lọ́nà. Mo ní kí wọ́n lù ú. Mi ò ní kí wọ́n pa á, ṣùgbọ́n ó kú. Ìdí àràbà tó wà níbi tí ọ̀nà Tchaada ti yà sí odò ló wà. Èmi gan-an ni mo gbẹ́lẹ̀."

Àmínù ké, ó fò mọ́ ọn, àwọn ọkùnrin gbá a mú. Onígíláàsì béèrè ohun tí kamaráàdì ń sọ. Ẹnì kan dá a lóhùn pé ó ní kí àwọn obìnrin wá dìbò. "Très bien," ló wí, inú rẹ̀ dùn.

Fàtímọ̀ ti rò pé bí òun bá gbọ́ ọ, òun á ṣubú. Kò ṣubú. Ó dìde, ó tún ìró rẹ̀ ró, ó wọ inú kíláàsì, ó sì dì bẹ́ẹ̀ ni. Àwọn obìnrin tẹ̀lé e wọlé lọ́kọ̀ọ̀kan.

Kí ilẹ̀ ọjọ́ náà tó ṣú ni wọ́n hú egungun Ràsákì nídìí àràbà. Wọ́n fi aṣọ funfun wé e, wọ́n kírun sí i, wọ́n sin ín sí itẹ́ àwọn bàbá rẹ̀. Àlùfáà pe Fàtímọ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, ó fi pẹ̀lẹ́tù sọ fún un pé ọjọ́ tí ọkùnrin bá kú ni wọ́n ti ń ka ọjọ́ opó, pé tirẹ̀ ti parí tipẹ́.

"Mo gbọ́, àlùfáà," ló wí. "Ṣùgbọ́n òní ni wọ́n túfọ̀ ọkọ mi fún mi."

Ó wọlé, ó jókòó opó. Àwọn opó ìlú wá jókòó tì í, kò sì dìde kúrò láàárín wọn.

Ibẹ̀ ló wà nígbà tí rédíò kéde pé Ògúnrìndé ti wọlé. Wọ́n ń yìnbọn ayọ̀ nílé bàbá Honoré. Àmínù já wọlé, ojú rẹ̀ pọ́n.

"Ìwọ lo fọwọ́ ara rẹ gbé apànìyàn gorí àga! Ìwọ, ìyàwó Ràsákì!"

"Mo mọ̀, Bàbá kékeré," ni Fàtímọ̀ wí. "Àga yẹn kì í ṣe tèmi. Ràsákì ni tèmi, mo sì ti gbà á."

Ó fẹ́ sọ̀rọ̀ sí i, ọ̀rọ̀ ò jáde mọ́. Ó ké orúkọ ọkọ rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan, ó bú sẹ́kún, ẹkún gidi tí kò tíì sun láti ọdún wọ̀nyí. Àmínù wólẹ̀ síbẹ̀, òun náà ń sunkún. Kò sí ẹni tó ní kí wọ́n dákẹ́.