Ojú Ewé Ogójì

Àṣàkẹ́ ò tíì rí ẹni tó dájú tó Rótìmí rí. Ẹ wò ó lórí àga ńlá nínú gbọ̀ngàn yẹn ní Súrùlérè, tó yọ ikùn síwájú, tó ń fi áńkáṣíìfù nu òógùn tí kò jáde. Pùròfẹ́sọ̀! Pùròfẹ́sọ̀ kí ni?

Orí tábìlì iwájú rẹ̀ ni wọ́n to ìwé tí wọ́n ń kó jáde lọ́jọ́ náà sí, *Ihò Dúdú Ojú Ọ̀run*, orúkọ Rótìmí sì rí gàdàgbà lábẹ́ rẹ̀. Bàbá Akínọlá ló ni ìwé! Ọdún mẹ́sàn-án gbáko ni Bàbá fi fọwọ́ kọ ọ́ nílé wọn ní Mushin, lẹ́yìn tí wọ́n fẹ̀yìn tì lẹ́nu iṣẹ́ olùkọ́ físíìsì. Wọ́n kọ bí ohun tó wà láàárín átọ́ọ̀mù ṣe ń fún pọ̀, bí ìràwọ̀ ṣe ń wó sínú ara rẹ̀, àti ìtàn àwọn tó kọ́kọ́ rò ó tí ayé fi wọ́n ṣe yẹ̀yẹ́. Àṣàkẹ́ ló tẹ gbogbo rẹ̀ ní ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ ní Yaba. Rótìmí tí Bàbá kọ́ níwèé wá gba ẹ̀dà kan, ó ní òun fẹ́ bá wọn kọ ọ̀rọ̀ àkọ́sọ. Ọ̀rọ̀ àkọ́sọ dà? Odindi ìwé ló gbé mì, kò tiẹ̀ há a lọ́fun.

Èyí tó dun Àṣàkẹ́ jù ni pé Bàbá alára wà níbẹ̀, lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ ní ìlà ẹ̀yìn, nínú agbádá funfun tí wọ́n ní kó lọ̀ lẹ́ẹ̀mejì. Ojú wọn ti lọ tán. Wọn ò rí orúkọ tó wà níwájú ìwé. Wọ́n rò pé ìwé tiwọn ni wọ́n ń kó jáde.

"Ó ń lọ dáadáa, àbí?"

"Ó ń lọ, Bàbá." Irọ́ burúkú.

Inú bí i, ó ń ṣí ẹ̀dà ìwé tó wà lọ́wọ́ rẹ̀ wàràwàrà. Ìgbà tó dé ojú ewé ogójì, ó dúró. Áà! Bàbá máa ń kọ ọ̀rọ̀ sí Àṣàkẹ́ létí ìwé àfọwọ́kọ wọn, ohun yòówù tó bá ń ṣe wọ́n lọ́jọ́ náà. Nínú ẹ̀dà àkọ́kọ́, oorun ń kun Àṣàkẹ́, ló bá tẹ ọ̀kan mọ́ ọ̀rọ̀ ìwé. Nígbà tó kà á fún Bàbá, wọ́n rẹ́rìn-ín títí, wọ́n ní kó yọ ọ́. Ẹ̀dà àkọ́kọ́ yẹn ni Rótìmí gbà. Ọ̀lẹ lásánlàsàn! Kò tiẹ̀ ka ohun tó jí.

Àṣàkẹ́ nawọ́. "Pùròfẹ́sọ̀, ẹ jọ̀ọ́, ẹ ka ojú ewé ogójì fún wa. Ibẹ̀ ló dùn jù."

Rótìmí rẹ́rìn-ín músẹ́, ó gbóhùn sókè: "Ṣíbí kan péré nínú ìràwọ̀ tó ti fún pọ̀ báyẹn wúwo ju gbogbo irin mọ́tò tó wà lọ́jà Ládìpọ̀ lọ. Àṣàkẹ́, ojú tún ń dùn mí, ibi tí mo lè kọ dé lónìí nìyí. Bá mi ra oògùn ojú bọ̀."

Ó ti kà á tán kó tó mọ̀. Ẹnì kan bú sẹ́rìn-ín. Rótìmí ṣí ewé síwájú, ó ṣí i sẹ́yìn, ẹnu rẹ̀ là sílẹ̀.

"Háà, Àṣàkẹ́!" Ohùn Bàbá gba gbọ̀ngàn kan. "Ṣebí mo ní kó o yọ ìyẹn kúrò nínú ìwé mi?"

Gbogbo orí yí sẹ́yìn. Àṣàkẹ́ di ọwọ́ Bàbá mú, ó dìde, ojú rẹ̀ ò kúrò lára Rótìmí.

"Mo ti yọ ọ́ nínú tiyín, Bàbá. Èyí tí wọ́n jí ló kù sí."