Wákàtí Méjì Láìjá

Ẹ má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni tàn yín jẹ, kò sí ohun tó ń jẹ́ àṣírí nínú agboolé. Ní Bẹyẹrúnkà n'Ìbàdàn níbí, bí o bá sín nínú yàrá rẹ, ẹni mẹ́ta ni yóò kí ọ, ẹni kẹrin á sì bi ọ́ pé ta ló ń gbé òtútù wọ ilé àwọn. Inú irú ilé yìí ni Àṣàkẹ́, ìyàwó Ọládipọ̀, ti ní òun fẹ́ máa ká fídíò géèmù sílẹ̀. Orí kunkun rẹ̀ pọ̀, èmi ò ní purọ́.

Iṣẹ́ náà kò ṣòro ní sísọ. Ó ní kọ̀ǹpútà tòkunbọ̀ kan tí ọkọ rẹ̀ rà fún un kó tó lọ máa ṣe bíríkìlà l'Abẹ́òkúta. Géèmù kan wà nínú rẹ̀, tí ọmọbìnrin kan há sínú ilé ràgàjì, tí iwin sì ń ṣọ́ ilẹ̀kùn kọ̀ọ̀kan. Àṣàkẹ́ á máa gbá a, á máa fi Yorùbá ṣẹ̀fẹ̀ sínú máìkì, kọ̀ǹpútà á sì máa ká àwòrán àti ohùn pọ̀. Ìṣẹ́jú mẹ́wàá mẹ́wàá ni fídíò rẹ̀. Àwọn èèyàn ń wò ó lórí fóònù, wọ́n ń rẹ́rìn-ín, wọ́n ń ní kó fi kún un.

Ìgbà náà ni Madam Bertha pè é láti Òkè-Àdó. Obìnrin yìí ní ilé iṣẹ́ kan tí wọ́n ti ń ṣe irú fídíò bẹ́ẹ̀, ó sì ń wá ẹni kan ṣoṣo tí yóò gbà síbẹ̀.

"Ẹni tó lè sọ̀rọ̀ fún wákàtí méjì kó má sú èèyàn ni mò ń wá," ni ó wí. "Fi fídíò wákàtí méjì ránṣẹ́ sí mi kí aago márùn-ún ìrọ̀lẹ́ Tọ́sìdé tó lù. Má gé e, má so ó pọ̀, má sì pa ohùn rẹ̀ níbì kankan. Tí mo bá rí ojú ibi tí o ti rán an, mi ò ní wò ó mọ́."

Yàrá méjì wà lẹ́yìn ilé iṣẹ́ náà fún ẹni tó bá gba iṣẹ́. Bí Àṣàkẹ́ ṣe gbọ́ ìyẹn, ẹsẹ̀ rẹ̀ kò kanlẹ̀ mọ́. Ọládipọ̀ ti sọ fún un tipẹ́ pé, "Ọjọ́ tí o bá ríbi tí a máa gbé, mo ń bọ̀, a ó jọ kó jáde." Àtijáde nílé yẹn pẹ̀lú ọkọ rẹ̀ ni gbogbo ohun tí Àṣàkẹ́ ń fẹ́ láyé. Ohun tó ń lé e jáde náà sì ní orúkọ: Sẹ̀gilọlá.

Sẹ̀gilọlá ni ẹ̀gbọ́n Ọládipọ̀ lóbìnrin. Ó ti kúrò nílé ọkọ l'Ọ̀rányàn láti ọdún mẹ́jọ, ó ní orogún ló lé òun, ó padà sílé bàbá rẹ̀, ó sì gbé ẹ̀rọ ìlọta kalẹ̀ sábẹ́ fèrèsé Àṣàkẹ́ gan-an. Ẹ sì mọ̀ pé ìyàwó kì í pe ará ilé ọkọ lórúkọ. Ìbáà jẹ́ ọmọ tí wọ́n bí ní àná ọjọ́ tó wọlé, ó gbọ́dọ̀ wá orúkọ mìíràn fún un. Nítorí eyín Sẹ̀gilọlá tó funfun, Àṣàkẹ́ sọ ọ́ ní Eyínfúnjowó ní ọ̀sẹ̀ tí wọ́n gbé e wọlé. Inú obìnrin náà dùn sí i lọ́jọ́ yẹn, ó tilẹ̀ jó. Láti ìgbà náà, orúkọ yẹn nìkan ni ohun dídùn tó kù láàárín àwọn méjèèjì.

Ọjọ́ Ajé, Àṣàkẹ́ jókòó ti iṣẹ́ rẹ̀. Kò ì tíì ju ìṣẹ́jú márùn-ún lọ tí ẹ̀rọ fi bẹ̀rẹ̀ sí í ké lábẹ́ fèrèsé. Ó yọjú. Kò rí ata, kò rí tòmátò, kò rí oníbàárà kankan. Ẹ̀yin èèyàn mi, afẹ́fẹ́ ni Sẹ̀gilọlá ń lọ̀!

"Eyínfúnjowó, ẹ jọ̀ọ́ ma, mo ń ṣiṣẹ́ lọ́wọ́."

"Iṣẹ́? Ìwọ tí ò ń bá àpótí sọ̀rọ̀? Tèmi rèé, ó ń rú èéfín, gbogbo ayé ń gbọ́ ọ. Iṣẹ́ tìrẹ dà, ìyàwó? Gbé e jáde kí n rí i."

Lọ́jọ́ kejì, kò tan ẹ̀rọ. Ó dúró títí Àṣàkẹ́ fi wọ inú géèmù jìnnà, ló bá bú sígbe: "Ìyàwó! Ìyàwó ò!" Ìyàwó wo ni yóò jókòó, tí ará ilé ọkọ ń pè é? Àṣàkẹ́ sáré jáde, ó kúnlẹ̀. Sẹ̀gilọlá wò ó láti òkè délẹ̀.

"Kò sí nǹkan kan. Mo ní kí n mọ̀ bóyá o ṣì wà láyé ni."

Fídíò ọjọ́ yẹn bà jẹ́. Àṣàkẹ́ wọlé, ó bu irọ̀rí jẹ kí wọ́n má baà gbọ́ ẹkún rẹ̀ níta.

Bẹ́ẹ̀ kọ̀ǹpútà alára ò gbè é. Ìgbà mẹ́ta ló bẹ̀rẹ̀, ìgbà mẹ́ta ni ó já lẹ́yìn bí ọgbọ̀n ìṣẹ́jú. Ó gbé e lọ bá Tóbilọ́ba, ẹni tó ń tún kọ̀ǹpútà ṣe ní Bẹ́ẹ̀rẹ̀. Ọmọkùnrin náà rẹ́rìn-ín.

"Àǹtí, fíláàṣì tí ẹ ń kó o sí ni. Bí wọ́n ṣe tò ó, kì í gba fáìlì kan tó bá tóbi kọjá ìwọ̀n tirẹ̀. Tó bá ti débẹ̀, ó parí nìyẹn. Ẹ jẹ́ kí n tún un tò, kí n sì dín àwòrán yín kù díẹ̀. Wákàtí mẹ́ta gan-an, á gbé e."

Ó tún un tò. Ó wá ku Sẹ̀gilọlá, ẹni tí Tóbilọ́ba ò lè tún tò.

Ọlọ́run ló kó o yọ: ìsọmọlórúkọ bọ́ sí Tọ́sìdé náà gan-an, ní Ọ̀rányàn. Kò sí ìsọmọlórúkọ tí Sẹ̀gilọlá kì í lọ. Á jí lọ dáná, á bá wọn fọ ìkòkò, á bá wọn ṣàmín sí àdúà alùfáà. Ọmọ nìkan ni kì í gbé. Bó ṣe jáde, tí ẹ̀rọ dákẹ́, Àṣàkẹ́ ti ilẹ̀kùn, ó sì bẹ̀rẹ̀ ní aago méjìlá.

Ẹ gbọ́ mi dáadáa. Ìṣẹ́jú mẹ́wàá, èèyàn lè ṣọ́ ẹnu rẹ̀. Wákàtí méjì ńkọ́? Kó tó pé wákàtí kan, Àṣàkẹ́ ti gbàgbé pé máìkì ń bẹ níwájú òun. Ó ń bá iwin jà bí ẹni ń bá ayálégbé jà ní ìdí kànga, ó sì dùn-ún gbọ́, n kò ní fi ìyìn rẹ̀ dù ú. Ó ṣí ilẹ̀kùn, ó ṣí òmíràn, títí ó fi kan èyí tó kẹ́yìn. Iwin obìnrin kan ló wà níbẹ̀, ó jókòó ti ìtẹ́ ọmọ ọwọ́ kan tí kò sí nǹkan kan nínú rẹ̀. Ìgbà mẹ́rin ló gbá ọmọbìnrin inú géèmù ṣubú. Ní ìgbà karùn-ún, Àṣàkẹ́ jágbe mọ́ ọn.

"Eyínfúnjowó! Ìwọ náà tún ni? O dí ọ̀nà mọ́ mi nílé, o tún wá dí i mọ́ mi níbí? Kí lo jókòó tì gan-an? Kí ló wà nínú ìtẹ́ yẹn? Mẹ́ta bà jẹ́, ìkẹrin ò dúró gba orúkọ, o wá ń gbẹ̀san lára ọmọ ọlọ́mọ! Kúrò lọ́nà, jàre!"

Iwin ṣubú. Ilẹ̀kùn ṣí. Ọmọbìnrin náà bọ́ sínú oòrùn, Àṣàkẹ́ pariwo ayọ̀. Wákàtí méjì àti ìṣẹ́jú mẹ́rin, kò já!

Ó gbé e padà sẹ́yìn láti gbọ́ bí ohùn ṣe rí. Bó ṣe dé ilẹ̀kùn ìkẹyìn, ó dá fídíò dúró. Ọ̀rọ̀ tí Ọládipọ̀ sọ sí i létí lọ́dún tí wọ́n ṣègbéyàwó nìyẹn: "Má sọ ọ́ fún ẹ̀dá kankan. Oyún mẹ́ta ló bà jẹ́ lára ẹ̀gbọ́n mi. Wọ́n bí ìkẹrin láàyè, ọmọ náà sì kú nígbà tó ku ọ̀la kí wọ́n sọ ọ́ lórúkọ. Ohun tó gbé wọn wálé nìyẹn. Orogún tí wọ́n ń pariwo yẹn, irọ́ ni."

Aago ti kọjá mẹ́ta. Kò sí wákàtí méjì nílẹ̀ mọ́ tí yóò fi ká òmíràn. Bó bá gé e, Madam Bertha á rí i. Bó bá pa ohùn ibẹ̀, Madam Bertha á gbọ́ ọ. Àṣàkẹ́ jókòó, ó di orí mú. Kí n má purọ́ mọ́ ọn, ó ti pinnu pé òun ò ní fi ránṣẹ́. Ó ti na ọwọ́ láti pa kọ̀ǹpútà, nígbà tí wọ́n fi ẹsẹ̀ gbá ilẹ̀kùn.

Sẹ̀gilọlá ni, ó gbé abọ́ lọ́wọ́.

"Gbà, ìyàwó. Oúnjẹ ìsọmọlórúkọ ni, kí ebi má pa ẹni tó ń bá àpótí sọ̀rọ̀. Mo ti ń sọ fún Ọládipọ̀, obìnrin tó gbádùn géèmù tó báyìí ò lè ráyè bímọ. Ọdún mẹ́ta rèé! Ṣé inú àpótí yẹn lo fẹ́ bí i sí?"

Àṣàkẹ́ kúnlẹ̀, ó fi ọwọ́ méjèèjì gba abọ́.

"Ẹ ṣé, Eyínfúnjowó."

Ó ti ilẹ̀kùn, ó jókòó, ó fi fídíò náà ránṣẹ́ bó ṣe wà. Nígbà tó ku ìṣẹ́jú mẹ́wàá kí aago márùn-ún lù, ó ti dé Òkè-Àdó. Lẹ́yìn náà ló ṣí abọ́. Ẹran méjì ló wà lórí ìrẹsì náà. Nílé ìsọmọlórúkọ, ẹyọ kọ̀ọ̀kan ni wọ́n ń fún èèyàn. Àṣàkẹ́ jẹ méjèèjì.

Ní Sátidé, Madam Bertha pè é. "Ìwọ ni mo mú! Ibi tí o ti bá Eyínfúnjowó jà yẹn, mo fẹ́rẹ̀ẹ́ kú sẹ́rìn-ín. A ti gé ibẹ̀ lọ́tọ̀, a ti gbé e síta kí ayé fi mọ̀ ọ́." Ẹni tó ní kó má gé nǹkan kan!

Kí oòrùn Sọ́ńdè tó mú, ó ti wà lórí fóònù gbogbo èèyàn láti Ọjà'ba dé ìdí Mápó. Mujeebat, tí òun náà jẹ́ ìyàwó ilé, ló wá kan ilẹ̀kùn. Kò bá a rẹ́rìn-ín.

"Àṣàkẹ́, kí lo fi ẹnu rẹ ṣe yìí? Eyínfúnjowó mélòó la ní nílé yìí?"

Ẹ̀rọ kò dún lábẹ́ fèrèsé láàárọ̀ ọjọ́ yẹn. Àṣàkẹ́ yọjú, ó rí ọkọ rẹ̀. Ọládipọ̀ ti dé láti Abẹ́òkúta, kò sì wọlé wá. Ó jókòó lórí àpótí oníbàárà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ̀gbọ́n rẹ̀, ó ń wo ilẹ̀. Àwọn ará ilé dúró lẹ́nu ọ̀nà. Àṣàkẹ́ jáde, ó sì kúnlẹ̀ sórí erùpẹ̀.

"Eyínfúnjowó, ẹ jọ̀ọ́, ẹ fi orí jì mí. Èṣù ni, mi ò mọ̀-ọ́n-mọ̀."

Obìnrin tó máa ń pariwo yìí, kò pariwo. Ó ń nu ẹnu ẹ̀rọ rẹ̀ pẹ̀lú àkísà.

"Sẹ̀gilọlá ni mò ń jẹ́."

"Háà! Ẹ má sọ bẹ́ẹ̀ ma. Mi ò lè pè yín lórúkọ."

"O lè pè é. Oníbàárà ń pè é, ará ìta ń pè é. Orúkọ tí o fún mi, o ti gbé e fún iwin, jẹ́ kó máa lò ó. Pe tèmi kí n gbọ́."

Àṣàkẹ́ yí ojú sí ọkọ rẹ̀. "Ọkọ mi, bá mi bẹ̀ wọ́n. Mo ti gba iṣẹ́ náà. Yàrá méjì ni, ṣebí a jọ ń lọ ni?"

Ọládipọ̀ kò gbé orí sókè. "Pè é bí wọ́n ṣe ní kí o pè é," ni ó wí.

Àṣàkẹ́ dorí kodò, ó pè é. "Sẹ̀gilọlá."

Sẹ̀gilọlá fi àkísà sílẹ̀, ó fà á dìde lórí eékún, ó gbọn erùpẹ̀ lára ìró rẹ̀ bí èèyàn ṣe ń ṣe fún àlejò.

"Ẹ káàárọ̀ o, madam," ni ó wí. "Kí ni kí n bá yín lọ̀?"