Báàgì Tó Wà Lẹ́sẹ̀ Tíṣà

Jemima ni ó kọ́kọ́ sọ fún mi pé kí n ṣọ́ Tíṣà Ọlámigòkè. "Ẹni tó bá ń bèèrè ibi tó ń dùn ọ́," ó ní, "oògùn ló fẹ́ tà fún ọ."

Èmi àti Jemima la jọ ń ta fóòmù ìbùsùn ní àdúgbò Enerhen, kálukú ní ṣọ́ọ̀bù tirẹ̀. Ní ọ̀sán ọjọ́ Àìkú, a máa ń lọ sí kíláàsì kan ní Okumagba Layout. Tíṣà, tí ilé iṣẹ́ epo tó ń bá ṣiṣẹ́ gbé wá láti Èkó, ń kọ́ wa níbẹ̀ bí a ṣe ń ka lẹ́tà tí àwọn Kristẹni àkọ́kọ́ kọ síra wọn. Ó sọ pé ọ̀pọ̀ wọn kò mọ̀wé, pé ẹnì kan ló ń kà á sétí àwọn yòókù. Ọjọ́ náà ni ọkàn mi balẹ̀, nítorí mo ti dàgbà kí n tó mọ̀wé kà.

"Èsì ni lẹ́tà," ó máa ń wí. "Ẹ kọ́kọ́ wá ohun tó ń dààmú àwọn tí wọ́n kọ ọ́ sí."

Mo gbé ọ̀rọ̀ yẹn lọ sí ṣọ́ọ̀bù. Tẹ́lẹ̀, kí oníbàárà tó wọlé tán, mo ti ń pariwo bí fóòmù mi ṣe nípọn tó. Mo wá dákẹ́, mo ń bèèrè bí wọ́n ṣe sùn. Ìyá Ìkúnayọ̀, ará Ìlàjẹ tó ń yan ẹja létí odò, sọ ti ìbàdí rẹ̀ tó ń dùn ún fún mi títí omi fi bọ́ lójú rẹ̀. Ó ra fóòmù líle, ó sì kó àwọn obìnrin ẹgbẹ́ rẹ̀ wá. Àwọn ló wá ń gbé ṣọ́ọ̀bù mi ró.

Nígbà tí mo ròyìn wọn fún tíṣà, tó ní kí n mú wọn wá sí kíláàsì, ara fu mí. Bí ó bá fi oògùn ẹ̀tàn gba owó wọn, ọ̀dọ̀ mi ni wọn ò ní wá mọ́.

"Mo wí fún ọ àbí n ò wí?" ni Jemima wí. "Shine your eye for that bag. Ṣọ́ ọ dáadáa."

Lóòótọ́, báàgì dúdú kan kì í kúrò lẹ́sẹ̀ tíṣà, a ò sì rí i kó ṣí i rí.

Síbẹ̀, mo pè wọ́n. Lọ́jọ́ Àìkú tó tẹ̀lé e, Ìyá Ìkúnayọ̀ nìkan ló wá nínú wọn. Tíṣà rẹ́rìn-ín músẹ́ sí i. "Ẹ káàbọ̀, mà. Kí ló ń dààmú yín lọ́wọ́ báyìí?"

Kí ó tó lanu, mo ti dìde. "Tíṣà, ẹ jọ̀ọ́, ẹ ṣí báàgì yín ná."

"Nítorí kí ni?"

"Mo mọ ìbéèrè yẹn. Bí oníbàárà bá ti sọ ìrora rẹ̀ tán, ọjà ló kù. Èmi náà ń ṣe é."

Tíṣà gbé báàgì sórí tábìlì, ó fa síìpù rẹ̀. Búrẹ́dì. Ìgò omi. Aṣọ iṣẹ́ tí epo ti ta sí.

"Láti ibí ni mo ti máa ń lọ síbi iṣẹ́ alẹ́," ó ní.

Jemima bú sẹ́rìn-ín. "Oògùn ìbàdí rèé o! Búrẹ́dì!"

Mo ń wá ẹnu tí n ó fi bẹ tíṣà, ṣùgbọ́n Ìyá Ìkúnayọ̀ ti yíjú sí mi.

"Ìyá Táíyé, ọjọ́ tí o bi mí léèrè ìbàdí mi, ṣé ìbàdí mi lò ń bèèrè, àbí owó mi?"

Mo fẹ́ ní ìbàdí rẹ̀ ni. Ṣùgbọ́n mo rántí pé bí ó ṣe ń sunkún lọ́jọ́ náà, fóòmù tí n ó gbé sílẹ̀ fún un ni mo ń wò.

"Méjèèjì ni, Ìyá mi."

"O ṣeun tí o ò parọ́. N ó sọ ohun tí o wí fún àwọn ẹgbẹ́ mi tó kù."

Ó tún gèlè rẹ̀ wé, ó mú báàgì tirẹ̀, ó sì jáde. Mo pè é dé ẹnu géètì. Kò wẹ̀yìn wò.