Ọwọ́ Mang Hermo

Róòlù fíìmù kan ṣoṣo ló kù, òjò sì ti ń ṣú bọ̀ láti etí òkun Manila. Bí òjò yẹn bá fi lè bẹ̀rẹ̀ lórí páànù ilé tí wọ́n ti ń ya fíìmù náà, kò sẹ́ni tó máa gbọ́ orin mọ́, ká má ṣẹ̀ṣẹ̀ wá sọ pé wọ́n á gbà á sílẹ̀. Crispulo Dimayuga, ẹni tó ṣe orin fíìmù náà, dúró níwájú àwọn eléré orin mẹ́sàn-án tí wọ́n fi pamọ́ sẹ́yìn ògiri pákó tí wọ́n kùn bí ilé olówó. Lọ́dún 1937 yẹn, bí wọ́n ṣe ń ya àwòrán lọ́wọ́ náà ni wọ́n ń gba orin. Bí ẹnì kan bá ṣì í, gbogbo rẹ̀ ló bàjẹ́.

Ó sì ti bàjẹ́ lẹ́ẹ̀mejì, níbi tí fáyólíìnì ti ń dá kọrin. Ọwọ́ Mang Hermo, bàbá àgbà tó ń ta á, ló ń gbọ̀n.

Gbogbo wọn ló rí i, àmọ́ ẹnu ò gbà á sọ. Mang Hermo ló kọ́ Crispulo lórin ní ṣọ́ọ̀ṣì àdúgbò Tondo láti kékeré. Òun ló wá iṣẹ́ títẹ dùùrù nílé sinimá fún un, nígbà tí fíìmù ṣì yadi, tí àwọn eléré ń ta orin sí i. Nígbà tí fíìmù wá bẹ̀rẹ̀ sí í sọ̀rọ̀, tí wọ́n lé àwọn eléré dànù, ilé bàbá yìí ni Crispulo àti ìyàwó rẹ̀ ti jẹun fún oṣù mẹ́fà. Fíìmù àkọ́kọ́ tí Crispulo máa ṣe orin fún nìyí, òun fúnra rẹ̀ ló sì lọ bẹ bàbá náà wá.

Don Leandro tó ń darí fíìmù fà á sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. Kò pariwo rárá.

“Bó bá tún bàjẹ́, ẹlòmíì ló máa gba iṣẹ́ orin yìí lọ́la. Kí bàbá yẹn lọ, àbí kí ìwọ lọ.”

Crispulo padà wá, ó kúnlẹ̀ ti bàbá náà kí àwọn yòókù má baà gbọ́.

“Ẹ má bínú, Mang Hermo. Ibi tẹ́ ẹ ti ń dá a ta yẹn, ẹ jẹ́ kí Teban afunfèrè fun ún.”

“Ṣé mo ti di ẹrù ni?”

“Kò rí bẹ́ẹ̀, bàbá.”

“Má purọ́ fún mi, Pulo. Orin ni mo kọ́ ọ, n kò kọ́ ọ nírọ́.”

Ó gbé fáyólíìnì lé itan. Crispulo rò pé ó máa dìde lọ, ṣùgbọ́n bàbá náà kò mira.

Iná tàn, kámẹ́rà bẹ̀rẹ̀ sí í yí. Purita, òṣèré obìnrin inú fíìmù náà, kọrin dé ibi tí fèrè ti máa wọlé. Ìbẹ̀rù ti mú Teban, kò rí ìwé orin iwájú rẹ̀ kà mọ́. Ẹ̀kán òjò kan kán sórí páànù, òmíràn tẹ̀ lé e. Nígbà náà ni Mang Hermo gbé ọ̀pá fáyólíìnì sókè láì fi kan okùn, ó wo Teban lójú, ó fi orí ṣe àmì sí i. Fèrè wọlé. Ọ̀pá yẹn ló ń darí rẹ̀ nínú afẹ́fẹ́ títí orin fi parí. Kámẹ́rà ṣẹ̀ṣẹ̀ dúró ni òjò dà wàrà.

Nígbà tí Crispulo máa fi yíjú padà láàárín ariwo ayọ̀, àga bàbá náà ti ṣófo.

Ọjọ́ Ìsinmi mẹ́ta ni Crispulo fi lọ sílé rẹ̀ ní Tondo, ìyàwó bàbá náà a ní kò sí nílé. Lọ́jọ́ Ìsinmi kẹrin, bàbá fúnra rẹ̀ ló ṣílẹ̀kùn. Ó bu omi atalẹ̀ gbígbóná fún un, ó sì fi ọwọ́ méjèèjì di ife tirẹ̀ mú. Crispulo fẹ́ tọrọ àforíjì, àmọ́ bàbá ti já ọ̀rọ̀ náà gbà mọ́ ọn lẹ́nu.

“Mo ti lọ wo fíìmù yẹn. Fáyólíìnì lo kọ ọ́ fún, o wá fi há fèrè lọ́nà ọ̀fun. Ẹni tó ń fun fèrè gbọ́dọ̀ ráyè mí. Ìwé orin fíìmù tó kàn dà, kí n bá ọ wò ó?”

Crispulo kọ́kọ́ fẹ́ jiyàn. Ó wá yọ ìwé náà láti àpò, ó tẹ́ ẹ sórí tábìlì.