Fíìmù Tí Gisbert Fẹ́ Dáná Sun

Lọ́dún 1981, àwa ọ̀dọ́ mẹ́sàn-án fi tìpátìkúùkù kó sínú ilé kan tí onílé ti pa tì ní àdúgbò Kreuzberg, ní Berlin. Gisbert ni ọ̀gá wa, lẹ́nu ara rẹ̀. Bàbá rẹ̀ ní ilé iṣẹ́ ọṣẹ ní Düsseldorf, àmọ́ ọmọ ọlọ́ṣẹ kì í wẹ̀. Ó ní àwọn olówó ló ń wẹ̀.

Oṣù mẹ́jọ ni èmi Almut fi gbé kámẹ́rà, tí mo ń gé fíìmù, tí mo ń lẹ̀ ẹ́ pọ̀ lórí tábìlì ìdáná. Gisbert ń sọ̀rọ̀ ní tirẹ̀. Ẹyọ kan ṣoṣo la ní, ó sì búra pé òun yóò dáná sun ún kí ẹnikẹ́ni tó wò ó. Ó ní ohun tí ojú ò rí, ìjọba ò lè rà á.

Ní ọ̀sán ọjọ́ Àìkú kan, èrò kún àgbàlá láti wo bí yóò ṣe sun ún. Ìyá Kasulke, opó kan ṣoṣo tó ṣẹ́ kù nínú àwọn ayálégbé àtijọ́, tó ń gbé òkè pátápátá láti ìgbà Ogun Àgbáyé Kejì, gbé àga tirẹ̀ sọ̀kalẹ̀. Gisbert na agolo fíìmù sókè, ó ń pariwo. Mo ní kó jẹ́ kí n wò ó nígbà ìkẹyìn, mo sì ṣí i. Fíìmù òfìfo ló wà nínú rẹ̀, kò sí àwòrán kankan lórí rẹ̀.

"Gisbert, èyí kọ́. Tiwa dà?"

"Almut, má bà mí lọ́jọ́ jẹ́ o!"

Ojú rẹ̀ sá lọ sára àpò rẹ̀. Mo já a gbà. Fíìmù wa wà níbẹ̀, pẹ̀lú lẹ́tà sí àjọ ìjọba kan tó ń fún onífíìmù lẹ́bùn owó. "Èmi nìkan ni mo ṣe é," ló kọ síbẹ̀, "pẹ̀lú ọ̀wọ̀ ńlá." Mo kà á sókè.

"Ọgbọ́n ni!" Gisbert ń kólòlò. "Owó wọn ni mo fẹ́ fi bá wọn jà!"

"Ti bàbá ẹ ò tó jà ni?" Ìyá Kasulke bi í. "Ẹ fi fíìmù yẹn hàn wá jàre. Èéfín kọ́ ni mo tìtorí ẹ̀ sọ̀kalẹ̀."

A ta aṣọ ibùsùn sí yàrá abẹ́ ilé kí fíìmù lè hàn lára rẹ̀. Wákàtí kan àbọ̀: ojú Gisbert, ìpàkọ́ Gisbert, Gisbert ń ronú. Àwọn èèyàn fi í rẹ́rìn-ín títí ó fi jáde. Nígbà náà ni Ìyá Kasulke yọ lára aṣọ, tó ń gbé èédú tí yóò fi yáná gun àtẹ̀gùn, tó ń sinmi, tó ń ṣépè fún èédú. Àwọn èèyàn fa àga sún mọ́ aṣọ náà. Èmi ni mo yà á, lọ́jọ́ tí Gisbert ń sùn.

Lọ́jọ́ kejì mo fi sísọ́ọ̀sì gé ojú Gisbert kúrò nínú fíìmù náà pátá. Ìṣẹ́jú mọ́kànlá ló kù, òun la sì ń gbé kiri àwọn ilé ọtí. Gisbert kọ̀wé láti Munich, níbi tó kó lọ, pé a ti ba iṣẹ́ òun jẹ́. Ìyá Kasulke bá wa lọ lẹ́ẹ̀mejì. Ó ní ẹ̀yìn òun ti tẹ̀ jù nínú fíìmù náà, kí n tún un yà.