Ère Tí Òyìnbó Jámánì Sọ Di Ọmọlangidi

Ní ọdún 1972, òyìnbó Jámánì kan tó ń jẹ́ Holm gbé kámẹ́rà wá sí Igbó-Ọrà, ó ní ìbejì lòun ń wá. Ogún ọdún ló ti ń ṣe fíìmù tí bàbá, ìyá àtọmọ lè jọ jókòó wò nílùú rẹ̀. Ẹnikẹ́ni kì í kú nínú àwọn fíìmù náà, ebi kì í pani. Ajá á sọnù, á padà délé, gbogbo ilé á sì dì mọ́ra wọn. Láńrewájú ògbufọ̀ rẹ̀ ló ròyìn èyí fún Ọmọ́ṣọlá, ìyá ìbejì.

"Ogún ọdún, ajá ṣì ń sọnù?" Ọmọ́ṣọlá bi í. "Ṣé wọn ò lókùn níbẹ̀ ni?"

Ṣùgbọ́n ọkọ rẹ̀ ti gbà, ló bá kó àwọn ọmọ wá.

Holm ní kí Táíwò lọ sá pamọ́, kí Kẹ́hìndé máa wá a kiri. Kí Kẹ́hìndé má bàa dá nìkan wà, ó yọ nǹkan kan nínú àpò, ó fi lé e lọ́wọ́. Ère ìbejì ni, osùn ṣì wà lára rẹ̀.

Orí Ọmọ́ṣọlá wú. Ìbejì tó bá kú ni wọ́n ń gbẹ́ ère fún.

"Táíwò! Jáde wá!"

Táíwò ò dáhùn. Ọmọ́ṣọlá sáré yí ilé ká títí ó fi bá a lẹ́yìn àká, tó fọwọ́ bo ẹnu. Òyìnbó ló ní kò gbọdọ̀ fọhùn.

Ó fa ọmọ náà jáde, ó wá rọra gba ère náà lọ́wọ́ Kẹ́hìndé.

"Láńrewájú, o ò mọ ohun tí èyí jẹ́?"

"Ẹ má bínú, Màmá Ìbejì. Ó ní ọmọlangidi ni. Mo rò pé tí mo bá ta kò ó…"

"Kò ní mú ẹ lọ sí Jámánì mọ́, àbí? Sọ fún un pé ọmọ ọlọ́mọ ló ń fi ṣeré."

Láńrewájú túmọ̀ rẹ̀. Holm rẹ́rìn-ín músẹ́. Ó ní kò séwu, nínú fíìmù òun, ọmọ náà kò ní kú.

Ọmọ́ṣọlá pòṣé. Ó fi gèlè rẹ̀ wé ère náà, ó kó àwọn ọmọ rẹ̀, ó ń béèrè ẹni tó ni ín láti ilé dé ilé. Ìyá Ìbílọlá ló jáde sí i. Ó ti ń wá ère ọmọ rẹ̀ tó kú yìí láti ọjọ́ tí àbúrò ọkọ rẹ̀ ti gbé e tà. Ó gbà á, ó gbé e sáyà, ó sì mú wọn wọlé.

Holm sáré dé pẹ̀lú kámẹ́rà. Ó ní kí wọ́n jọ̀ọ́ tún un ṣe, oòrùn ò kọjú síbi tó dáa.

Ọmọ́ṣọlá gbá ilẹ̀kùn mọ́ ọn lójú.